Adé Adépìtàn: ọmọ Èkó tí àrùn rọpárọsẹ̀ mú, tó di atọ́kùn ètò tẹlifíṣọ̀n ní Lọ́ńdọ̀nù. Kí ló kan ará Ọ̀kun níbẹ̀?

Nígbàkúùgbà tí ìdíje Paralympics, ìyẹn eré ìdárayá àwọn àkàndá ẹ̀dá lágbàáyé, bá ń lọ lọ́wọ́, ọkùnrin dúdú kan wà tí àwọn ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì máa ń rí lórí tẹlifíṣọ̀n wọn. Orí kẹ̀kẹ́ arọ ló máa ń jókòó sí. Òun ló ń kí òǹwòran káàbọ̀, òun ló ń bi àwọn eléré ní ìbéèrè, òun náà ló sì ń ṣàlàyé ohun tó ṣẹlẹ̀ lórí pápá.

Adédoyin Ọláyíwọlá Adépìtàn lorúkọ rẹ̀. Adé Adépìtàn ni gbogbo ayé ń pè é. Ọmọ Yorùbá ni, Èkó ni wọ́n sì bí i sí.

Ìtàn rẹ̀ kì í ṣe ti Lọ́ńdọ̀nù nìkan. Ní Kábà, Ìyàrà, Ìsánlú, Mọ̀pà àti Ẹ̀gbẹ̀, kò sí àdúgbò tí èèyàn ò ti ní rí ẹnì kan tó ń fi igi rìn, tàbí tí ojú rẹ̀ kò ríran, tàbí tí etí rẹ̀ kò gbọ́ràn. Òmíràn nínú wọn lóhùn dídùn, ó mọ ìtàn, ó lè dá èèyàn lẹ́rìn-ín. Mélòó nínú wọn la ti gbọ́ lórí rédíò tàbí rí lórí tẹlifíṣọ̀n tó ń tọ́kùn ètò? Ìdí nìyẹn tó fi yẹ ká mọ bí Adé ṣe débẹ̀, àti ohun tí àwọn iléeṣẹ́ ibẹ̀ ṣe kí ọ̀nà tó là fún un.

Ta ni Adé Adépìtàn?

Ọjọ́ 27, oṣù Kẹta, ọdún 1973 ni wọ́n bí Adé. Ọmọ ọwọ́ ló ṣì jẹ́ nígbà tí àrùn rọpárọsẹ̀ kọ lù ú. Àrùn náà ba ẹsẹ̀ òsì rẹ̀ jẹ́.

Fún ẹni tí kò bá mọ bí àrùn yìí ṣe ń ṣiṣẹ́: kòkòrò àrùn kan tí ojú lásán kò lè rí ló ń fà á. Ẹnu ló sábà máa ń gbà wọlé, nípasẹ̀ omi tàbí oúnjẹ tí ìgbẹ́ ti kàn. Ọ̀pọ̀ ọmọ tó bá kó o kì í mọ̀ rárá. Ṣùgbọ́n nínú bíi 200 ọmọ tó bá kó o, ọ̀kan á rọ lápá tàbí lẹ́sẹ̀ láìní àtúnṣe. Kò sí oògùn tó ń wò ó sàn. Oògùn tó ń dènà rẹ̀ nìkan ló wà, èyí tí wọ́n ń kán sọ́mọ lẹ́nu láti ilé dé ilé.

Lásìkò tí wọ́n bí Adé, àrùn náà gbòde kan ní Nàìjíríà. Ọdún 2016 ni wọ́n rí ọmọ tó ní ojúlówó kòkòrò àrùn náà kẹ́yìn lórílẹ̀-èdè yìí, ní ìpínlẹ̀ Borno. Nígbà tó di ọjọ́ 25, oṣù Kẹjọ, ọdún 2020, wọ́n kéde pé ojúlówó rẹ̀ ti kúrò nílẹ̀ Áfíríkà. Síbẹ̀, irú kan tó máa ń jẹyọ níbi tí ọ̀pọ̀ ọmọ kò bá ti gba oògùn ṣì ń yọjú. Ẹ má ṣe lé àwọn tó ń kán oògùn padà lẹ́nu ọ̀nà o.

Ọmọ ọdún mẹ́ta ni Adé nígbà tó kó lọ sí ìlú Lọ́ńdọ̀nù. Àdúgbò Newham, ní ìlà oòrùn ìlú náà, ló dàgbà sí. Wọ́n de irin mọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ kó lè dúró. Ọmọ dúdú ni láàárín àwọn òyìnbó, ó tún wá jẹ́ aláàbọ̀ ara láàárín àwọn tó ń sáré kiri. Ẹrù méjì ló ń rù lẹ́ẹ̀kan náà.

Nígbà tó dàgbà, ó fi ìrírí ìgbà yẹn kọ ìwé ìtàn fún àwọn ọmọdé. Ọdún 2018 ni àkọ́kọ́ jáde, Cyborg Cat sì ni orúkọ ọmọ tí ìtàn náà dá lé.  Orúkọ náà dà bí ìgbà tí èèyàn bá jẹ́ ààbọ̀ ẹ̀dá, ààbọ̀ ẹ̀rọ. Dípò kó sá fún orúkọ náà, ó sọ ọ́ di ti akọni.

Báwo ló ṣe dé orí tẹlifíṣọ̀n?

Kì í ṣe iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ló kọ́kọ́ ṣí ilẹ̀kùn fún un. Eré ìdárayá ni. Adé fúnra rẹ̀ máa ń sọ pé inú kẹ̀kẹ́ tí wọ́n fi ń kó ẹrù ní súpámákẹ́ẹ̀tì làwọn ọ̀rẹ́ òun máa ń gbé òun sí, tí wọ́n á máa tì òun kiri àdúgbò. Ibẹ̀ ni àwọn tó ń tọ́jú eegun àti iṣan ara ti rí i, tí wọ́n sì pè é wá síbi tí àwọn ọmọ aláàbọ̀ ara ti ń gbá baskẹ́tíbọ́ọ̀lù lórí kẹ̀kẹ́, ìyẹn bọ́ọ̀lù tí wọ́n ń jù sínú apẹ̀rẹ̀.

Ó gbá a títí tó fi wọ ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Lọ́dún 2004, ní ìlú Athens, òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ gba àmì ẹ̀yẹ bàbà ní ìdíje Paralympics. Lọ́dún 2005, ọbabìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi oyè MBE dá a lọ́lá nítorí ipa tó kó nínú eré ìdárayá àwọn aláàbọ̀ ara.

Àmọ́ kó tó di pé oyè dé, ojú rẹ̀ ti wà lórí tẹlifíṣọ̀n. Ọdún 2002 ni BBC One bẹ̀rẹ̀ sí í lo àwọn àwòrán kúkúrú tuntun tó máa ń jáde láàárín ètò kan sí òmíràn láti fi sọ orúkọ iléeṣẹ́ náà. Ọ̀kan nínú wọn fi àwọn ọkùnrin mẹ́ta hàn tí wọ́n ń jó lórí kẹ̀kẹ́ arọ pẹ̀lú bọ́ọ̀lù lọ́wọ́. Adé wà lára wọn.

Àwòrán yẹn kò gùn rárá. Kò sí ẹni tó sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀, kò sì sí ẹni tó bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n ṣàánú òun. Ṣùgbọ́n léraléra ló ń jáde, ọdún dé ọdún, nínú yàrá àwọn èèyàn. Àwọn àgbà máa ń sọ pé ojú lọ̀rọ̀ wà. Nígbà tí ojú bá ti mọ́ nǹkan, ọkàn kì í bẹ̀rù rẹ̀ mọ́.

Láti ibẹ̀, wọ́n gbà á sí ètò àwọn ọmọdé lórí BBC. Lọ́dún 2005, ó wà lára àwọn aláàbọ̀ ara tí BBC kó lọ sí orílẹ̀-èdè Nicaragua fún ètò Beyond Boundaries. Inú igbó àti orí òkè ni wọ́n gbà, láti etí òkun kan dé etí òkun kejì. Ọmọdé ń wò ó, àgbà ń wò ó. Iṣẹ́ kéékèèké ló fi kọ́ iṣẹ́ ńlá: bí wọ́n ṣe ń wo kámẹ́rà, bí wọ́n ṣe ń fi àkókò ṣọ́ra, bí wọ́n ṣe ń bi èèyàn ní ìbéèrè kí wọ́n sì gbọ́ ìdáhùn rẹ̀ tán.

Kí ló ṣẹlẹ̀ lọ́dún 2012?

Ọdún 2012 ni ìdíje Paralympics wáyé ní Lọ́ńdọ̀nù. Channel 4 ló gba ẹ̀tọ́ láti ṣàfihàn rẹ̀ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Iléeṣẹ́ náà ṣe ìpinnu kan tí ọ̀pọ̀ èèyàn kò rò pé ó lè ṣeé ṣe: wọ́n ní ìdajì àwọn tó máa wà lórí afẹ́fẹ́ láti tọ́kùn ètò náà gbọ́dọ̀ jẹ́ aláàbọ̀ ara.

Ibi tí ọgbọ́n wà rèé. Wọn kò dúró di ọ̀sẹ̀ tí ìdíje máa bẹ̀rẹ̀ kí wọ́n tó máa wá ẹni tí wọ́n máa lò. Ọdún bíi méjì ṣáájú ni wọ́n ti jáde láti wá èèyàn tuntun. Àwọn tí wọ́n rí, wọ́n kọ́ wọn níṣẹ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n fún wọn ní iṣẹ́ kékeré kí ọjọ́ ńlá tó dé. Nígbà tí ọjọ́ pé, Adé Adépìtàn wà lára àwọn olórí atọ́kùn, òun àti Clare Balding tó jẹ́ gbajúmọ̀ nínú iṣẹ́ ìròyìn eré ìdárayá.

Kí ni òǹwòran ṣe? Ṣé wọ́n pa tẹlifíṣọ̀n wọn ni? Rárá o. Lálẹ́ ọjọ́ tí wọ́n ṣí ìdíje náà, àwọn tó wò ó lórí Channel 4 lé ní mílíọ̀nù 11. Ó ti lé ní ọdún 10 tí iléeṣẹ́ náà ti rí òǹwòran tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ètò àwàdà kan tí wọ́n dá sílẹ̀ fún ìdíje náà nìkan, The Last Leg, tí méjì nínú àwọn atọ́kùn rẹ̀ mẹ́ta jẹ́ aláàbọ̀ ara, gbajúmọ̀ débi pé wọn ò lè dá a dúró mọ́ lẹ́yìn ìdíje.

Nígbà tó fi máa di ìdíje ti ìgbà òtútù ní Beijing lọ́dún 2022, gbogbo àwọn tó tọ́kùn ètò náà fún Channel 4 pátá ló jẹ́ aláàbọ̀ ara. Adé tún wà níbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yìí kan Nàìjíríà náà. Ní Lọ́ńdọ̀nù lọ́dún 2012 kan náà, àwọn eléré wa tí ara wọn pé kò gba àmì ẹ̀yẹ ẹyọ kan ṣoṣo ní Olympics. Àwọn àkàndá ẹ̀dá wa gba 13 ní Paralympics: wúrà 6, fàdákà 5, bàbà 2. Yakubu Adesokan wà lára àwọn tó gba wúrà, níbi ìdíje gbígbé irin. Ẹ wá bi ara yín, èwo nínú ìdíje méjèèjì lẹ rí wò jù lọ lórí tẹlifíṣọ̀n wa nígbà náà?

Àwọn tó ti gba ọ̀nà náà ṣáájú

Adé kọ́ ló bẹ̀rẹ̀ ìrìn àjò yìí. Àwọn kan ti gba ẹ̀gún ọ̀nà náà ṣáájú rẹ̀.

Lọ́dún 1968, obìnrin kan tó wá láti Jàmáíkà, Barbara Blake Hannah, di obìnrin dúdú àkọ́kọ́ tó jẹ́ oníròyìn lórí tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Thames Television ló gbà á síṣẹ́. Àwọn òǹwòran kan bẹ̀rẹ̀ sí í kọ̀wé, wọ́n ń pe iléeṣẹ́ náà pé àwọn ò fẹ́ rí èèyàn dúdú. Kò pé ọdún kan tí iléeṣẹ́ náà fi dá a dúró. Kì í ṣe pé kò mọ iṣẹ́. Àwọ̀ ara rẹ̀ ni wọn ò fẹ́.

Lọ́dún 1973, Trevor McDonald tó wá láti Trinidad di oníròyìn dúdú àkọ́kọ́ ní ITN. Lọ́dún 1981, Moira Stuart bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìròyìn lórí tẹlifíṣọ̀n BBC, òun sì ni obìnrin dúdú àkọ́kọ́ tó ṣe bẹ́ẹ̀ fún gbogbo orílẹ̀-èdè náà.

Ó wá di ọdún 2009. Cerrie Burnell bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ gẹ́gẹ́ bí atọ́kùn lórí CBeebies, ìkànnì BBC fún àwọn ọmọ kéékèèké. Bí wọ́n ṣe bí i ni ọwọ́ rẹ̀ ọ̀tún kò gùn kọjá ìgúnpá. Àwọn òbí kan fẹjọ́ sùn. Wọ́n ní obìnrin náà máa dẹ́rù ba àwọn ọmọ àwọn. BBC kò yọ ọ́. Ó dúró síbẹ̀, ó ń ṣe iṣẹ́ rẹ̀ lọ fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Ẹ fi ti ọdún 1968 wé ti 2009. Àwọn òǹwòran tó ń bínú wà nígbà méjèèjì. Ohun tó yàtọ̀ ni èsì tí iléeṣẹ́ fún wọn. Nígbà àkọ́kọ́, iléeṣẹ́ gbọ́ ti ẹni tó ń pariwo, obìnrin kan sì pàdánù iṣẹ́. Nígbà kejì, iléeṣẹ́ dúró lẹ́yìn òṣìṣẹ́ rẹ̀, ariwo náà sì lọlẹ̀. Ẹni tó ń wo tẹlifíṣọ̀n kọ́ ló ń yan ẹni tó máa wà níbẹ̀. Ọwọ́ àwọn ọ̀gá ló wà.

Kí ni 'ṣíṣojú' túmọ̀ sí gan-an?

Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé bí wọ́n bá ti gbé ẹnì kan láti inú àwọn tó kéré níye síwájú kámẹ́rà, ó ti parí. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ìpele mẹ́ta ló wà níbẹ̀.

Ìpele àkọ́kọ́ ni kí wọ́n máa sọ̀rọ̀ nípa èèyàn. Èyí la mọ̀ jù. Ìròyìn á ní wọ́n fún àwọn aláàbọ̀ ara ní ìrẹsì àti kẹ̀kẹ́. Kámẹ́rà á fi ẹni tó ń fúnni hàn, ó ń rẹ́rìn-ín. Ẹni tí wọ́n ń fún á jókòó jẹ́ẹ́. A kì í gbọ́ ohùn rẹ̀.

Ìpele kejì ni kí èèyàn sọ̀rọ̀ fúnra rẹ̀, ṣùgbọ́n nípa àìsàn tàbí àléébù rẹ̀ nìkan. Wọ́n á pè é sí sítúdíò ní ọjọ́ 3, oṣù Kejìlá, tó jẹ́ ọjọ́ àwọn aláàbọ̀ ara lágbàáyé. Wọ́n á bi í pé báwo ló ṣe ń fara dà á. Títí di oṣù Kejìlá ọdún tó ń bọ̀, ó dàbọ̀.

Ìpele kẹta ni kí wọ́n fún un ní máìkì kó fi ṣe iṣẹ́ bíi ti gbogbo èèyàn. Ibí yìí ni ìtàn Adé ti dùn. Eré àwọn aláàbọ̀ ara ló bá wọlé, ṣùgbọ́n kò dúró síbẹ̀. Ó ṣiṣẹ́ fún Unreported World, ètò Channel 4 tó ń wá ìròyìn lọ sí ibi tí àwọn oníròyìn kì í sábà dé. Lọ́dún 2016, ó wà lára àwọn atọ́kùn Children in Need, ètò tí BBC fi ń kó owó jọ fún àwọn ọmọdé. Lọ́dún 2019, ó rìn káàkiri ilẹ̀ Áfíríkà fún ètò Africa with Ade Adepitan lórí BBC Two. Lọ́dún 2021, ó ṣe ètò lórí bí ojú ọjọ́ ṣe ń yí padà láyé.

Nínú àwọn ètò yìí, kẹ̀kẹ́ rẹ̀ wà níbẹ̀, gbogbo èèyàn ń rí i, ṣùgbọ́n kì í ṣe òun ni wọ́n ń sọ. Ọ̀rọ̀ ayé ni wọ́n ń sọ, òun ló sì ń ṣàlàyé rẹ̀. Orúkọ ìdílé rẹ̀ bá a mu: adé tó ń pa ìtàn. Ìtàn ẹlòmíràn ló ń pa, kì í ṣe tirẹ̀ nìkan.

Àwọn kan á béèrè pé, ṣé kì í ṣe ojú àánú ni wọ́n fi gbé e síbẹ̀? Ẹ ka ọdún rẹ̀. Láti 2002 tó kọ́kọ́ yọjú sí 2012 tó di olórí atọ́kùn, ọdún mẹ́wàá ni. Kò sí ẹni tí wọ́n ń fi àánú gbé tó ń fi ọdún mẹ́wàá kọ́ṣẹ́. Àánú kọ́ ló gbà, àǹfààní ni, òun ló sì fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ dì í mú.

Kí ni òfin Nàìjíríà sọ?

Ní oṣù Kìíní ọdún 2019, Ààrẹ Muhammadu Buhari fọwọ́ sí òfin tó lòdì sí fífi ojú burúkú wo àwọn aláàbọ̀ ara. Ohun mẹ́ta ló yẹ kí gbogbo èèyàn mọ̀ nínú rẹ̀.

Àkọ́kọ́, ẹ̀ṣẹ̀ ni láti yà wọ́n sọ́tọ̀ nítorí ipò tí ara wọn wà. Bí iléeṣẹ́ bá ṣe é, owó ìtanràn rẹ̀ jẹ́ mílíọ̀nù 1 náírà. Bó bá jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo, 100,000 náírà ni, tàbí ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà, tàbí méjèèjì pọ̀.

Èkejì, iléeṣẹ́ ìjọba gbọ́dọ̀ gbìyànjú kí, ó kéré tán, 5 nínú 100 àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ aláàbọ̀ ara.

Ẹ̀kẹta, òfin náà fún àwọn ilé tí gbogbo èèyàn ń wọ̀ ní ọdún márùn-ún láti tún ẹnu ọ̀nà wọn ṣe kí ẹni tó wà lórí kẹ̀kẹ́ lè wọlé. Ọdún márùn-ún náà ti pé ní oṣù Kìíní ọdún 2024.

Iléeṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n ìjọba kò yọ sílẹ̀ nínú èyí. Ṣùgbọ́n bí èèyàn bá wo ọ̀pọ̀ sítúdíò kárí ilẹ̀ yìí, àtẹ̀gùn ló máa kọ́kọ́ rí, ẹnu ọ̀nà tóóró ló máa tẹ̀ lé e. Ẹni tí kò lè gun àtẹ̀gùn, ibo ló ti máa ṣe ìdánwò ohùn? Kí wọ́n tó gbọ́ bó ṣe ń ka ìròyìn ni àtẹ̀gùn ti dá a padà sílé.

Kí ló kan Ọ̀kun?

Ọmọ Ọ̀kun kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé fún un bó ṣe máa ń rí kéèyàn kéré níye. Àwọn Owé, Ìyàgbà, Ìjùmú, Búnú àti Ọ̀wọ́rọ̀ ń sọ Yorùbá, ṣùgbọ́n ìpínlẹ̀ tí wọ́n wà kì í ṣe ti Yorùbá nìkan. Láti ọjọ́ 27, oṣù Kẹjọ, ọdún 1991 tí wọ́n ti dá Kogí sílẹ̀ láti ara Kwárà àti Bẹ́núé, kò tíì sí ọmọ Ọ̀kun tí wọ́n dìbò yàn sípò gómìnà.

Lórí afẹ́fẹ́ náà, bákan náà ni ọ̀rọ̀ rí. Nígbà tí tẹlifíṣọ̀n àkọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn, ní ọjọ́ 31, oṣù Kẹwàá, ọdún 1959, tí Aníkẹ́ Àgbájé-Williams sì di ojú àkọ́kọ́ tí àwọn èèyàn rí lórí rẹ̀, ẹkùn Ìwọ̀ Oòrùn ló ni í. Kábà wà ní ẹkùn Àríwá nígbà náà. Tẹlifíṣọ̀n tó jẹ́ ti ẹkùn Àríwá bẹ̀rẹ̀ ní Kàdúná lọ́dún 1962, níbi tí èdè Haúsá ti gbalẹ̀. Ọmọ Ọ̀kun wà láàárín méjèèjì: èyí tó ń sọ èdè rẹ̀ kì í ṣe ti ẹkùn rẹ̀, èyí tó jẹ́ ti ẹkùn rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ sọ èdè rẹ̀.

Títí dòní, ọmọ Owé tàbí ọmọ Ìyàgbà tó bá fẹ́ ka ìròyìn Yorùbá, Yorùbá àjùmọ̀lò ló máa kà. Kò sí ohun tó burú níbẹ̀, torí ìròyìn gbọ́dọ̀ yé gbogbo èèyàn. Ṣùgbọ́n inú ìyá àgbà tó wà lóko Búnú máa ń dùn nígbà tó bá gbọ́ ẹni tó kí i ní "Ọ̀kun o" lórí rédíò, tó sì fi ohùn ilé bá a sọ̀rọ̀. Ó mọ̀ pé òun ni wọ́n ń bá wí.

Ìdùnnú ìyá yẹn ni ẹni tó ń fi kẹ̀kẹ́ rìn máa ń ní nígbà tó bá rí Adé. Kò yàtọ̀. Nítorí náà, ẹni tó ń bínú pé wọn ò gbọ́ ohùn Ọ̀kun ní Àbújá, ó yẹ kó béèrè pé ohùn ta ni òun náà kò jẹ́ kí wọ́n gbọ́ ní Kábà. Bí Ọ̀kun ṣe kéré ní Kogí, bẹ́ẹ̀ làwọn kan ṣe kéré nínú Ọ̀kun.

Àwọn àgbà Yorùbá tiẹ̀ ti ní ìmọ̀ nípa èyí tipẹ́. Wọ́n ní Ọbàtálá ló mọ gbogbo ara, èyí tó gún àti èyí tí kò gún. Ẹni òrìṣà ni wọ́n ń pe aláàbọ̀ ara, èèwọ̀ sì ni kí èèyàn fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Àmọ́ bíbọ̀wọ̀ fún èèyàn yàtọ̀ sí fífún un níṣẹ́. Ọ̀pọ̀ ló ń bọ̀wọ̀ fún ẹni òrìṣà, tí wọn ò sì ní gbà á síṣẹ́ láé.

Ohun tí iléeṣẹ́ kékeré lè ṣe

Àwọn kan á ní Channel 4 lówó, BBC lówó, pé rédíò ìgbèríko ò lè fi ara rẹ̀ wé wọn. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo nǹkan ló ń gba owó ńlá.

Rédíò kì í fi ẹsẹ̀ hàn. Ohùn ló ń lò. Ẹni tí kò ríran lè ka ìròyìn tí wọ́n bá tẹ̀ ẹ́ ní ìwé afọ́jú, tàbí kó fetí gbọ́ ọ lórí fóònù rẹ̀ kó tó sọ ọ́ jáde. Ẹni tí kò lè dé sítúdíò lè ka ohùn rẹ̀ sórí WhatsApp nílé kó fi ránṣẹ́. Fún ẹnu ọ̀nà, bíríkìlà kan, àpò sìmẹ́ǹtì díẹ̀ àti yanrìn tó láti fi ṣe ọ̀nà gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àtẹ̀gùn. Fún àwọn tí kò gbọ́ràn, kí rédíò máa kọ ìròyìn rẹ̀ sórí íntánẹ́ẹ̀tì kí wọ́n lè kà á. Fún tẹlifíṣọ̀n, kí ẹni tó ń fi ọwọ́ túmọ̀ ọ̀rọ̀ wà ní igun kan lójú àwòrán.

Èyí tó rọrùn jù kò ná ẹnikẹ́ni ní kọ́bọ̀. Bí wọ́n bá fẹ́ sọ̀rọ̀ lórí owó aṣọ ọdún, kí wọ́n pe télọ̀ tó jẹ́ aláàbọ̀ ara, kí wọ́n bi í nípa aṣọ, kì í ṣe nípa ẹsẹ̀ rẹ̀. Bí wọ́n bá fẹ́ sọ̀rọ̀ lórí ìdánwò WAEC, kí wọ́n pe olùkọ́ tí kò ríran, kí wọ́n bi í nípa ìdánwò. Bó bá sọ ọ́ dáadáa, kí wọ́n tún pè é lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Lẹ́yìn oṣù díẹ̀, kí wọ́n fi í sípò atọ́kùn fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún kí wọ́n wo ọwọ́ rẹ̀. Bí Channel 4 náà ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn: iṣẹ́ kékeré kí ọjọ́ ńlá tó dé.

Iṣẹ́ àwọn òbí náà wà níbẹ̀. Ọmọ tí wọ́n bá fi pamọ́ sẹ́yìn ilé nígbà tí àlejò bá dé, kò sí iléeṣẹ́ tó lè rí i. Adé kò bá tí dé orí pápá bí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ bá fi í sílé. Inú kẹ̀kẹ́ ẹrù ni wọ́n gbé e sí, wọ́n tì í jáde sí títì, ibẹ̀ ni àwọn tó máa ràn án lọ́wọ́ ti rí i.